Bí Ẹ Ṣe Lè Fi Ilẹ̀kùn Fífà Rọ́pò Ilẹ̀kùn Tó Ti Wà Nílé Yín

Kò sí ọ̀sẹ̀ kan kí ẹnì kan má bi mí ní ìbéèrè yìí, l'Ájàṣẹ́ (Porto-Novo) níbí o, ní Kétu nígbà tí mo bá lọ kí àwọn ẹbí o: "Yàrá mi kéré, tí mo bá ṣí ilẹ̀kùn ńṣe ló máa ń gbá bẹ́ẹ̀dì, ṣé mo lè yọ ọ́ kí n fi coulissant, ìyẹn ilẹ̀kùn tí à ń fà sẹ́gbẹ̀ẹ́, síbẹ̀ láìwó ilé?" Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ lè ṣe é. Ilẹ̀kùn tó fẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 83, tó bá ń ṣí sínú yàrá, nǹkan bí ìdajì mítà onígun mẹ́rin ilẹ̀ ló máa ń gbà, ẹ ò sì lè gbé nǹkan kan síbẹ̀. Tẹ́ ẹ bá fi èyí tí à ń fà sẹ́gbẹ̀ẹ́ rọ́pò rẹ̀, ibẹ̀ á padà di tiyín. Ó tún dáa gan fún àgbàlagbà tó ń fi ọ̀pá rìn, torí kò ní máa fẹ̀yìn rìn kó tó lè fa ilẹ̀kùn ṣí. Ìyá mi àgbà ni mo kọ́kọ́ ṣe é fún.

Nǹkan kan wà tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ gbọ́ kẹ́ ẹ tó mú owó jáde: ògiri ló ń pinnu iṣẹ́ yìí, kì í ṣe ilẹ̀kùn. Èèyàn á lọ sí ọjà Ouando, á ra ilẹ̀kùn tó wù ú, á gbé e délé, ìgbà yẹn ló máa ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i pé kò síbi tó máa yọ̀ sí, tàbí pé ògiri ò lè gbé e.

Ẹ wo ògiri kẹ́ ẹ tó ra nǹkan kan

Ẹ dúró síwájú ẹnu ọ̀nà yẹn kẹ́ ẹ yẹ àwọn nǹkan yìí wò:

- Ògiri tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, lọ́tùn-ún tàbí lósì, ṣé ó gùn tó bí ẹnu ọ̀nà ṣe fẹ̀, kó tún fi sẹ̀ǹtí 10 lé e?
- Ṣé súìṣì, ojú iná, fèrèsé tàbí kọ́bọ́ọ̀dù ò sí níbẹ̀? Súìṣì tí ilẹ̀kùn bá bò, ẹ ò ní lè tẹ̀ ẹ́ mọ́, ẹ jẹ́ kí oníná gbé e lọ síbòmíì kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀.
- Kí ni wọ́n fi kọ́ ògiri: bíríkì símẹ́ńtì, kọnkéré, àbí amọ̀?
- Ilẹ̀ ibẹ̀, ṣé ó tẹ́jú dé ibi tí ilẹ̀kùn máa yọ̀ dé? Tí ilẹ̀ bá ga díẹ̀ lápá kan, ibẹ̀ ni ilẹ̀kùn á ti máa ha.
- Ṣé ẹ háyà ilé ni? Ẹ sọ fún onílé ṣáájú, ihò tẹ́ ẹ fẹ́ lu sógiri kì í ṣe kékeré.

Bíríkì tí wọ́n fi ń kọ́lé lọ́dọ̀ wa, oníhò nínú ni púpọ̀ nínú rẹ̀. Ẹ fi ìdí òòlù kan ògiri díẹ̀díẹ̀ lókè ẹnu ọ̀nà. Ibi tó bá ń dún kì bí ẹni kan òkúta, linteau ni, ìyẹn kọnkéré onírin tí wọ́n dà sórí ẹnu ọ̀nà. Ibi tó bá ń dún gbàǹgbàǹ, ihò bíríkì ló wà lẹ́yìn rẹ̀. Inú linteau ni ìdè ti máa ń di mú jù. Ìṣòro tó wà níbẹ̀ ni pé linteau kì í sábà kọjá ẹnu ọ̀nà ju nǹkan bí sẹ̀ǹtí 20 lọ, irin ilẹ̀kùn yín sì máa gùn tó ìlọ́po méjì ilẹ̀kùn, torí náà apá kan irin yẹn á bọ́ sórí bíríkì oníhò. Àwọn ilé míì wà tí wọ́n da kọnkéré yẹn yíká gbogbo ilé ní gíga ilẹ̀kùn, tí tiyín bá rí bẹ́ẹ̀, iṣẹ́ yín ti rọrùn.

Ẹ ṣọ́ra fún wáyà o. Wáyà súìṣì sábà máa ń gba òkè wá tààrà sísàlẹ̀ nínú ògiri, nítorí náà tí súìṣì kan bá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà, ẹ má lu ihò sókè rẹ̀ gan-an.

Èwo lẹ máa yàn?

Mẹ́ta ló wọ́pọ̀.

Èyí tó rọ̀ sókè: irin kan wà lókè ẹnu ọ̀nà, ilẹ̀kùn rọ̀ mọ́ ọn pẹ̀lú róólà, ó ń yọ̀ níwájú ògiri. Èyí ni mo máa ń sọ pé kí èèyàn ṣe fún yàrá, kíṣìnnì àti ibi ìkẹ́rùsí. Ẹ ò ní wó ohunkóhun, férémù àtijọ́ pàápàá lè wà níbi tó wà. Òun ni mo máa ṣàlàyé jù lọ níbí.

Èyí tó ń wọnú ògiri: ó rẹwà lóòótọ́, ṣùgbọ́n nínú ilé tí wọ́n ti fi bíríkì kọ́ parí, ẹ máa wó ògiri kí àpótí irin rẹ̀ tó ráyè, ògiri yẹn sì lè jẹ́ òun ló gbé dẹ́kì dúró. Ẹ fi í sílẹ̀ fún ilé tuntun.

Àlúmíníọ̀mù àti gíláàsì: òun ló wà fún fàráńdà àti pálọ̀, pánẹ́ẹ̀lì méjì tí ń yọ̀ lórí irin ilẹ̀. Ẹ rántí pé ìdajì ẹnu ọ̀nà péré ni èyí máa ń ṣí. Tí ẹnu ọ̀nà yín bá jẹ́ mítà kan, kò ní tó ìdajì mítà tẹ́ ẹ máa rí gbà kọjá, kò wúlò fún yín. Ó yẹ kí ẹnu ọ̀nà tó mítà 1.80 kẹ́ ẹ tó rò ó.

Ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ńkọ́? Mi ò fẹ́ ẹ níbẹ̀. Ilẹ̀kùn tó rọ̀ sókè kì í dí pátápátá, àyè díẹ̀ máa ń wà láàárín òun àti ògiri, òórùn á jáde, ohùn á jáde, ẹ̀fọn náà á wọlé.

Wíwọ̀n

Ẹ wọn fífẹ̀ ẹnu ọ̀nà níbi mẹ́ta, lókè, láàárín, nísàlẹ̀. Fún ilẹ̀kùn tó rọ̀ sókè, èyí tó fẹ̀ jù lẹ máa lò, torí ó gbọ́dọ̀ bo gbogbo rẹ̀. Fún àlúmíníọ̀mù, èyí tó kéré jù lẹ máa lò, torí inú ihò yẹn ló máa wọ̀. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń yí méjèèjì pa dà.

Ẹ jẹ́ ká fi ẹnu ọ̀nà tó fẹ̀ ní sẹ̀ǹtí 83, tó ga ní sẹ̀ǹtí 204 ṣe àpẹẹrẹ:

- Fífẹ̀ ilẹ̀kùn: 83, ẹ fi 5 kún un lápá ọ̀tún, 5 lápá òsì, ó di 93.
- Gíga: 204, ẹ fi 4 kún un kó lè bo òkè, ẹ yọ 1 kúrò nísàlẹ̀ kó má baà ha ilẹ̀, ó di 207.
- Irin òkè: 93 lọ́nà méjì jẹ́ 186, ẹ ra ti mítà 2.

Lẹ́yìn náà ẹ ṣírò bó ṣe wúwo. Pákó tíìkì tàbí ìrókò gidi ní ìwọ̀n yẹn, tó nípọn ní sẹ̀ǹtí 4, máa tó kílò 50. Ìyẹn àpò símẹ́ńtì kan tó rọ̀ mọ́ ògiri yín tọ̀sán tòru! Èyí tó jẹ́ férémù pákó tí wọ́n fi pílíwúùdù bò, tí inú rẹ̀ ṣófo, fúyẹ́ gan jù bẹ́ẹ̀ lọ, fún yàrá òun ni mo fara mọ́. Gíláàsì ní tiẹ̀, mílì kọ̀ọ̀kan nínú nínípọn rẹ̀ jẹ́ kílò 2.5 fún mítà onígun mẹ́rin kan, nítorí náà gíláàsì mílì 6 tó fẹ̀ ní mítà 1 tó ga ní mítà 2.10 ti lé ní kílò 31, ẹ ò tíì ka àlúmíníọ̀mù mọ́ ọn. Wọ́n máa ń kọ iye kílò tí irin àti róólà lè gbé sára páálí rẹ̀, ẹ ra èyí tó ju ti ilẹ̀kùn yín lọ dáadáa.

Ohun tẹ́ ẹ máa nílò

- irin òkè pẹ̀lú róólà méjì, ohun ìdádúró méjì fún ìpẹ̀kun, àti atọ́nà tó ń wà nílẹ̀ (ẹ rí i pé gbogbo rẹ̀ pé nínú páálí)
- pákó líle kan, gígùn mítà 2, fífẹ̀ sẹ̀ǹtí 15, nínípọn sẹ̀ǹtí 4, tí wọ́n ti fi oògùn ikán pa
- bóòtù kọnkéré mílì 10, àti tige filetée (ọ̀pá irin tí nọ́ọ̀tì lè yí mọ́ láti ìpẹ̀kun dé ìpẹ̀kun) mílì 10 fún ibi bíríkì oníhò
- ẹ̀rọ ìluhò, lẹ́fẹ́ẹ̀lì, téèpù, ayùn, sáńpépà, fánííṣì
- ẹnì kejì. Ẹ má dá ṣe é.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà l'Ájàṣẹ́ tàbí lápá Kútọ̀nú, ẹ ra vis (ìṣó tí à ń yí wọlé) àti bóòtù inox, ìyẹn irin tí kì í tètè dípẹtà, tẹ́ ẹ bá ti lè rówó rẹ̀. Omi ọ̀sà àti atẹ́gùn òkun ò jìnnà sí wa, irin lásán á dípẹtà kíákíá.

Iṣẹ́ náà, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin

1. Ẹ pa iná. Disjoncteur, ìyẹn èyí tó ń pa iná gbogbo ilé, ni kẹ́ ẹ pa, kì í ṣe súìṣì yàrá nìkan. Tí ẹ̀rọ ìluhò yín bá ń lo iná, ẹ fa wáyà láti ilé ẹlòmíì tàbí kẹ́ ẹ lo èyí tó ní bátìrì.

2. Ẹ yọ ilẹ̀kùn àtijọ́. Ẹ ti nǹkan bọ abẹ́ rẹ̀ kó má jábọ́, híńjì ìsàlẹ̀ lẹ máa kọ́kọ́ tú, tòkè lẹ máa tú gbẹ̀yìn, ẹnì kejì á sì dì í mú. Férémù tó bá ṣì dáa, ẹ fi í sílẹ̀. Ẹ po ìyẹ̀fun pákó mọ́ gọ́ọ̀mù kẹ́ ẹ fi dí ojú híńjì àti ihò kọ́kọ́rọ́, tó bá gbẹ kẹ́ ẹ fi sáńpépà ha á.

3. Ẹ fa ìlà. Ẹ fi lẹ́fẹ́ẹ̀lì fa ìlà tó tẹ́jú sógiri ní gíga tí ìwé inú páálí irin bá sọ, látorí ẹnu ọ̀nà dé ìpẹ̀kun ibi tí ilẹ̀kùn máa yọ̀ dé. Tí lẹ́fẹ́ẹ̀lì yín bá kúrú, ẹ lo rọ́bà olómi bíi ti bíríkìlà, kò lè purọ́. Ẹ má wọn ọ́n látilẹ̀ lápá méjèèjì o, ilẹ̀ ilé kì í sábà tẹ́ bí ojú ṣe rí i.

4. Ẹ de pákó mọ́ ògiri. Ìdí tá a fi ń lo pákó ni pé férémù àtijọ́ máa ń yọ jáde díẹ̀ kọjá ògiri, tẹ́ ẹ bá de irin mọ́ ògiri tààrà, ilẹ̀kùn á máa ha férémù. Pákó gbọ́dọ̀ nípọn ju bí férémù ṣe yọ jáde lọ. Ó tún ń jẹ́ kẹ́ ẹ lè yan ibi tẹ́ ẹ ti fẹ́ lu ògiri, kò di dandan kó jẹ́ ibi tí ihò irin bá wà. Ní ibi linteau, bóòtù kọnkéré, ẹ fi wọ́n jìnnà síra wọn ní nǹkan bí sẹ̀ǹtí 40. Ní ibi bíríkì oníhò, ẹ lu ihò kọjá ògiri sí òdìkejì, kẹ́ ẹ ti tige filetée kọjá, kẹ́ ẹ fi irin pẹlẹbẹ àti nọ́ọ̀tì mú un lẹ́yìn. Ó máa hàn lódì kejì lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹ lè gbẹ́ ògiri díẹ̀ kí nọ́ọ̀tì wọlé kẹ́ ẹ sì fi símẹ́ńtì bò ó. Tẹ́ ò bá lè lu ògiri já, ẹ ra scellement chimique (gọ́ọ̀mù líle tí wọ́n ń fún sínú ihò kó lè di ìdè mú) pẹ̀lú àpò oníhò rẹ̀, tàbí kẹ́ ẹ fọ́ ojú bíríkì, kẹ́ ẹ da kọnkéré sínú ihò rẹ̀, kẹ́ ẹ wá dúró ọjọ́ méje ó kéré tán kẹ́ ẹ tó lu ihò síbẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ níbí. Àǹtí mi kan ní Kétu gbé iṣẹ́ yìí fún ẹnì kan, cheville oníke lásán, ike kékeré tí wọ́n ń tì bọ ihò kí vis lè di mú, lẹni yẹn fi sínú bíríkì oníhò, ó kùn ún, ó gbowó, ó lọ. Kò pé oṣù kan, ọ̀sán ọjọ́ kan ni ilẹ̀kùn yẹn já bọ́ tòun ti irin, ọmọ ọdún mẹ́ta ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá níbẹ̀ ni. Ẹ̀rù ṣì ń bà mí tí mo bá rántí. Nítorí náà tẹ́ ẹ bá gbé e fún oníṣẹ́, ẹ dúró tì í ní ìgbésẹ̀ yìí, kẹ́ ẹ bi í pé kí ló fẹ́ fi sínú ògiri. Tó bá ní cheville oníke ló wà lọ́wọ́ òun, ẹ dá iṣẹ́ dúró. Lẹ́yìn tí pákó bá ti wà lókè, kẹ́ni tó wúwo fi ọwọ́ méjèèjì rọ̀ mọ́ ọn díẹ̀díẹ̀. Tó bá mì, ẹ tú u, ẹ ṣe é padà.

5. Ẹ de irin mọ́ pákó. Vis kan ní gbogbo sẹ̀ǹtí 30. Ẹ ki róólà àti ohun ìdádúró sínú irin ṣáájú, torí tí ògiri míì bá wà ní ìpẹ̀kun irin, kò ní sí àyè láti kì wọ́n bọ̀ ọ́ mọ́. Ẹ tún lẹ́fẹ́ẹ̀lì gbé lé e. Tó bá dagun díẹ̀, ilẹ̀kùn á máa dá rìn lóru.

6. Ẹ múra ilẹ̀kùn sílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí pákó rẹ̀ sùn nínú yàrá yẹn fún ọ̀sẹ̀ méjì kẹ́ ẹ tó gé e dé ìwọ̀n. Ẹ gbẹ́ ojú ihò tóóró sí abẹ́ rẹ̀ láti ìpẹ̀kun dé ìpẹ̀kun, fífẹ̀ bíi sẹ̀ǹtí kan, jíjìn bíi sẹ̀ǹtí méjì, ibẹ̀ ni atọ́nà ilẹ̀ máa wà. Lẹ́yìn náà fánííṣì: iwájú, ẹ̀yìn, ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, orí àti abẹ́. Orí àti abẹ́ yẹn làwọn èèyàn máa ń gbàgbé, ibẹ̀ gan-an lomi ti ń wọnú pákó, tí òjò bá dé á wú, tí ọyẹ́ bá dé á gbẹ, á sì lọ́ bí ewé gbígbẹ.

7. Ẹ gbé e kọ́. Èèyàn méjì. Ẹ so ó mọ́ róólà, kẹ́ ẹ yí nọ́ọ̀tì róólà títí tí ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn á fi bá férémù dọ́gba, tí abẹ́ rẹ̀ á sì jìnnà sílẹ̀ ní mílì 8 sí 10.

8. Ẹ de atọ́nà mọ́lẹ̀. Ilẹ̀kùn gbọ́dọ̀ ti wà lókè kẹ́ ẹ tó sàmì síbi tó máa wà, kó rọ̀ tààrà fúnra rẹ̀, kẹ́ ẹ má fọwọ́ tì í. Tí ilẹ̀ bá jẹ́ táìlì, ẹ lẹ téèpù bébà síbẹ̀, kẹ́ ẹ lo ẹnu ìluhò táìlì, kẹ́ ẹ pa ìgbálù ẹ̀rọ yẹn, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ táìlì á sán. Tẹ́ ò bá fẹ́ lu táìlì rárá, atọ́nà kan wà tí wọ́n ń dè mọ́ ìsàlẹ̀ ògiri.

9. Ohun ìdádúró, ọwọ́ ilẹ̀kùn àti kọ́kọ́rọ́. Ẹ fi ìdádúró síbi tí ilẹ̀kùn ò fi ní lè bọ́ lórí irin, kẹ́ ẹ sì fi èyí tí kò ní jẹ́ kó gbéra sókè náà sí i. Lẹ́yìn ilẹ̀kùn, níbi tó ti ń kọjú sógiri, ọwọ́ tó rì sínú pákó lẹ máa lò, èyí tó yọ síta á máa gbá férémù. Kọ́kọ́rọ́ tó ní ìkọ́ ni kẹ́ ẹ béèrè, ti ilẹ̀kùn lásán ò lè tì í. Tí ọmọdé bá wà nílé, ẹ ra irin tó ń fà á pa jẹ́jẹ́, ọwọ́ wọn kéré, ó sì yára.

Tó bá jẹ́ ògiri amọ̀

Ilé amọ̀ ṣì pọ̀ ní Kétu àti ní Ṣábẹ̀ẹ́, l'Ájàṣẹ́ náà, àwọn ilé àtijọ́ tí àwọn Àgùdà kọ́, amọ̀ ló wà lábẹ́ símẹ́ńtì tẹ́ ẹ ń rí lójú ògiri wọn. Ẹ má gbé irin kọ́ amọ̀. Ńṣe ni kẹ́ ẹ jẹ́ kí káfíńtà ri òpó pákó líle mẹ́ta dúró, ọ̀kan lápá kan ẹnu ọ̀nà, ọ̀kan lápá kejì, ẹ̀kẹta níbi tí irin parí sí, kó wá fi pákó gbọọrọ dábùú orí wọn. Ilẹ̀ ló gbé ẹrù yẹn nígbà náà, ìdè tó wọ ògiri kàn wà kí òpó má ṣubú síwájú ni. Ẹ gbé ẹsẹ̀ òpó lé símẹ́ńtì, kó má kan erùpẹ̀, torí ikán.

Tó bá jẹ́ àlúmíníọ̀mù fún fàráńdà

Èyí, ẹ gbé e fún àwọn tó mọ̀ ọ́n ṣe, ṣùgbọ́n ẹ mọ ohun tẹ́ ẹ máa béèrè:

- Ṣé irin ilẹ̀ ní ihò tí omi máa gbà jáde, ṣé ìta sì ni ihò yẹn kọjú sí? Tí wọ́n bá fi símẹ́ńtì tàbí sílíkónù dí i, òjò àkọ́kọ́ ní oṣù kẹrin á wọ pálọ̀ yín.
- Ṣé ilẹ̀ abẹ́ irin dagun díẹ̀ síta?
- Gíláàsì tí kì í gún èèyàn nígbà tó bá fọ́, tí wọ́n ń pè ní trempé, ni kó jẹ́. Wọn kì í gé e mọ́ lẹ́yìn tí wọ́n bá ti ṣe é, nítorí náà kí ìwọ̀n pé kí wọ́n tó lọ.
- Ṣé wọ́n fi ohun tí kò ní jẹ́ kí olè gbé pánẹ́ẹ̀lì kúrò lórí irin sí i? Kódà pẹ̀lú ìyẹn, ẹ gé ọ̀pá kan tó máa sùn sínú irin ilẹ̀ lálẹ́, kò wọ́n, ó sì ń ṣiṣẹ́.

Tí ògiri ẹ̀gbẹ́ ò bá gùn tó

Ẹ pín ilẹ̀kùn sí méjì, ìdajì á yọ̀ sọ́tùn-ún, ìdajì sósì. Tí ìyẹn náà ò bá ṣeé ṣe, ilẹ̀kùn tó ń ká wà. Ó sì lè jẹ́ pé kẹ́ ẹ kàn yí ilẹ̀kùn àtijọ́ padà kó máa ṣí síta ló máa yanjú ọ̀rọ̀ yín láìnáwó púpọ̀, ẹ kọ́kọ́ rò ó.

Ìtọ́jú

Lásìkò ọyẹ́, pàápàá ní Ṣábẹ̀ẹ́ tí eruku ti pọ̀, ẹ máa fi búrọ́ọ̀ṣì gbá inú irin lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, kẹ́ ẹ fi aṣọ gbígbẹ nù ún. Ẹ má da epo sí i, epo á mú eruku, á di ẹrẹ̀, róólà á sì há. Èyí tí wọ́n ń fọ́n tó jẹ́ sílíkónù ló dáa, ẹ̀ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta lọ́dún. Lẹ́yìn oṣù àkọ́kọ́ ẹ tún gbogbo nọ́ọ̀tì fún, torí pákó máa ń jókòó díẹ̀, lẹ́yìn náà ẹ máa wò wọ́n lọ́dọọdún kí òjò tó bẹ̀rẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ń gbọ́ gbì, gbì, gbì nígbà tẹ́ ẹ bá ń fà á, róólà kan ti jẹ lápá kan, ẹ pààrọ̀ méjèèjì pọ̀, ẹ má pààrọ̀ ọ̀kan ṣoṣo.